Ẹ Bi Wá, Ẹ Gbọ́ Èsì: Ìwé Ìtàn Pẹlẹbẹ, Orílẹ̀-Èdè Gbàǹgbà

Nínú ẹ̀dà tó kọjá la ti ní kí ẹni tó bá ní ìbéèrè nípa àwọn ìwé ìtàn orílẹ̀-èdè tó wà ní ṣókí fi ránṣẹ́, àwọn ìwé pẹlẹbẹ yẹn tó ń kó ẹgbẹ̀rún ọdún sínú 200 ojú ewé. Ah, ẹ ṣeun o, WhatsApp wa kún. Ilé-Ifẹ̀ ni èyí tó pọ̀ jù ti wá, àwọn ará Iléṣà náà ò sì kẹ̀rẹ̀, kódà àwọn gan-an ni inú bí jù, ẹ máa rí i nísàlẹ̀. A gé àwọn lẹ́tà kan kúrú kí àyè lè gbà wá, ẹ má bínú.

ÌBÉÈRÈ: Olóòtú, ẹ kú iṣẹ́ o. 200 level ni mo wà ní OAU, injinía ni mò ń kà, kì í ṣe ìtàn. Wọn ò kọ́ wa ní ìtàn ní sẹ́kọ́ńdìrì rárá, mo wá fẹ́ mọ ti Nàìjíríà láti ìbẹ̀rẹ̀. Ìwé méjì ni mo rí lọ́wọ́ àwọn tó ń ta tòkunbọ̀ ní Lágere, ọ̀kan ò ju 160 ojú ewé lọ, ìkejì tó 300, owó ọwọ́ mi ò sì lè ra méjèèjì. Èwo ni kí n mú? (Akẹ́kọ̀ọ́, Mọ́ọ̀rè, Ilé-Ifẹ̀)

ÈSÌ: Àbúrò mi, sísanra ìwé kọ́ ni wàá wò. Kó o tó dá oníwèé lóhùn lórí iye tó pè é, ṣí i síbi tí wọ́n to àwọn orí ìwé sí níwájú, wo ọdún tó fi bẹ̀rẹ̀, kó o sì ka ojú ewé mélòó ló fún ìgbà wo. Ìyẹn nìkan á ti sọ irú ìwé tó jẹ́ fún ẹ. Èyí tó bá bẹ̀rẹ̀ ní 1914, tó ní Lugard so Àríwá pọ̀ mọ́ Gúúsù lọ́jọ́ kìíní oṣù kìíní, tó wá gba ibẹ̀ já sí òfin Clifford 1922, ti Richards 1946, ti Macpherson 1951, ti Lyttelton 1954, tó fi dé òmìnira 1960, kò purọ́ o, ṣùgbọ́n ìtàn ọ́fíìsì ìjọba nìyẹn, bí wọ́n ṣe ń kọ òfin tí wọ́n ń pa á rẹ́. Àwọn èèyàn tó ń gbé ilẹ̀ yìí ò sí nínú ẹ̀. Àwọn tó kọ ọ́ bẹ́ẹ̀ náà ní ìdí tiwọn, torí láti ìgbà táwọn òyìnbó ti dé ni fáìlì ti pọ̀, lẹ́tà wà, ìròyìn ọdọọdún wà, téèyàn bá jókòó tì í á rí nǹkan kọ, ṣùgbọ́n ohun tó wà ṣáájú ìyẹn, àfi kó o lọ bá àwọn arọ́kin, tàbí kó o walẹ̀, tàbí kó o gbọ́ èdè Lárúbáwá kó o lè ka ohun táwọn ààfáà kọ sílẹ̀ ní Borno àti Sókótó. Iṣẹ́ wà níbẹ̀.

Ìwọ tó ń gbé Ifẹ̀ gan-an kọ́ ló yẹ kí wọ́n ta irú ìwé bẹ́ẹ̀ fún. Wá ọjọ́ kan lọ sí mùsíọ́ọ̀mù tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ààfin ní Ẹnuwá, sún mọ́ ọ̀kan nínú àwọn orí yẹn, wo àwọn ilà tín-ín-tín-ín tó gba iwájú orí sọ̀kalẹ̀ dé àgbọ̀n, ó tò gbọọrọ bí ẹni fi rúlà fà á, kó o tún wo àwọn ihò kéékèèké tí wọ́n lu yí ẹnu ká níbi tó yẹ kí irùngbọ̀n wà. Ọdún 1938 ni wọ́n kan púpọ̀ nínú àwọn orí onídẹ nígbà tí wọ́n ń gbẹ́lẹ̀ ìpìlẹ̀ ilé lágbo ilé Wúnmọníjẹ̀, àwọn onímọ̀ sì gbà pé láàárín nǹkan bíi 1100 sí 1500 ni wọ́n ṣe irú wọn. Ìlú tó lè ṣe irú nǹkan báyìí ti ní ọba, ti ní alágbẹ̀dẹ tó mọṣẹ́ bí ẹni máyò, ti ní oníṣòwò tó ń gbé kọ́pà wá láti ọ̀nà jíjìn torí kò sí kọ́pà nínú ilẹ̀ Ifẹ̀. Ọgọ́rùn-ún ọdún mélòó lẹni tó bẹ̀rẹ̀ ní 1914 fò dá!

Nítorí náà, mú èyí tó bá fún ìgbà tó ṣáájú 1900 ní ìdá kan nínú mẹ́ta ó kéré tán, tó dárúkọ Nok, Kanem-Borno, Ifẹ̀, Ẹdó, àwọn ìlú Haúsá, Ọ̀yọ́, àti jihad Usman dan Fodio tó bẹ̀rẹ̀ ní 1804, ìbáà ṣe 160 ojú ewé yẹn. Ohun kan tún kù tó jẹ́ pé ọjà tòkunbọ̀ ló mú mi rántí ẹ̀: wo iye ìpínlẹ̀ tó wà nínú máàpù ẹ̀. 12 ni wọ́n lọ́dún 1967, 19 ní 1976, 21 ní 1987, 30 ní 1991 tí Ọ̀ṣun tiwa jáde, 36 ní 1996. Tó o bá rí máàpù onípìnlẹ̀ 19 tí Ifẹ̀ ṣì wà lábẹ́ Ọ̀yọ́, ìwé àtijọ́ ni, kò burú fún ìtàn ayé ọjọ́un ṣùgbọ́n dúnàá dúrà dáadáa, má sanwó ìwé tuntun fún un.

ÌBÉÈRÈ: Olóòtú, ẹ jọ̀ọ́ ẹ bá mi dá sí ọ̀rọ̀ yìí. Iṣẹ́ tíṣà ni mo ṣe kí n tó fẹ̀yìntì. Ìwé ìtàn Nàìjíríà kan tí ọmọ ọmọ mi gbé wálé, gbólóhùn kan péré ló fún ogun Kírìjí, ó ní àwọn Yorùbá ń bá ara wọn jà títí àwọn òyìnbó fi wá pẹ̀tù sí i. Ògèdèǹgbé ò sí níbẹ̀ rárá. Irú ìtàn wo nìyẹn? (Tíṣà àgbà, Ìsọ̀kùn, Iléṣà)

ÈSÌ: Ẹ̀yin Tíṣà wa, ẹ kú ìrọ́jú o. Ẹ jàre, ṣùgbọ́n ẹ ò jàre tán, ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé kẹ́ ẹ tó gbé e gbóná fún mi.

Kíkúrú gbólóhùn yẹn kọ́ ló burú, ìdí ogun tí wọ́n yọ kúrò nínú ẹ̀ ló burú. Ìbàdàn ti kó Iléṣà ní 1870, wọ́n ti fi ajẹ́lẹ̀ sí ìlú káàkiri Ìjẹ̀ṣà àti Èkìtì, àwọn ajẹ́lẹ̀ yìí ń gba ìṣákọ́lẹ̀, wọ́n ń jẹ, wọ́n ń mu, wọ́n ń fojú onílùú gbolẹ̀, títí Fábùnmi Òkèmẹ̀sí fi yarí tí Èkìtì Parapọ̀ sì kóra jọ. 1877 ni ọ̀pọ̀ ìwé máa ń kọ fún ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀. Ògèdèǹgbé tó wá di olórí ogun wọn, Ìbàdàn yìí náà ló ti kọ́ iṣẹ́ ogun nígbà tí wọ́n mú un nígbèkùn, ẹ wo ayé. Àwọn ọmọ Ìjẹ̀ṣà àti Èkìtì tó wà l'Ékòó dáwó jọ, wọ́n ń ra ìbọn ìgbàlódé ránṣẹ́ sílé. Ààrẹ Látòósà, olórí Ìbàdàn, kú sí bùdó ogun ní 1885. Lọ́jọ́ 23 oṣù kẹsàn-án 1886 ni wọ́n tọwọ́ bọ̀wé àdéhùn, Ifẹ̀ náà wà nínú ẹ̀, síbẹ̀ àwọn ọmọ ogun ò tú ká tán àfi ìgbà tí Gómìnà Carter gòkè wá láti Èkó ní 1893. Ẹ má sì jẹ́ kẹ́nikẹ́ni sọ fún ọmọ yẹn pé àánú ló ṣe àwọn òyìnbó. Ọ̀nà ọjà ló dí, epo àti èkùrọ́ ò sọ̀kalẹ̀ dé Èkó bí wọ́n ṣe fẹ́, bí wọ́n sì ṣe ń làjà kiri ni wọ́n ń mú àwọn ọba wa tọwọ́ bọ̀wé.

Ẹ wò ó, gbogbo eléyìí wọ inú gbólóhùn méjì tó bá jẹ́ pé ẹni tó gbọ́ ọ yé ló kọ ọ́. Á ní: láti 1877 dé 1893, Èkìtì àti Ìjẹ̀ṣà bá Ìbàdàn jà torí ajẹ́lẹ̀ àti ìṣákọ́lẹ̀; ìjọba Èkó tó fẹ́ kí ọ̀nà ọjà là ló bá wọn parí ẹ̀, ibẹ̀ ló sì gbà di ọ̀gá lórí àwọn méjèèjì. Ó tán.

Ibi tẹ́ ẹ ò ti wá jàre nìyí: kò sí Ògèdèǹgbé nínú gbólóhùn méjì tí mo kọ yẹn náà, kò sì bà á jẹ́. Tí àgbà kan ní Iléṣà bá ní dandan kí Ògèdèǹgbé wọlé, àgbà kan ní Maiduguri á ní Rabeh ńkọ́, ẹni tó gba Borno ní 1893 táwọn Faransé pa ní 1900, àwọn ìyá ní Aba á béèrè ogun àwọn obìnrin 1929, àwọn ará Enugu á ní àwọn awakùsà 21 tí ọlọ́pàá yìnbọn pa ní Iva Valley lọ́dún 1949 dà, ó yá kí ìwé di 900 ojú ewé, ọmọ ọmọ yín ò sì ní ṣí i. Orúkọ Ògèdèǹgbé ẹ̀yin lẹ máa sọ ọ́ fún un. Ẹ mú un rìn dé ibi ère ẹ̀ tó wà nígboro Iléṣà yẹn.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ jọ̀ọ́, ṣé òótọ́ ni pé ọgọ́rùn-ún ọdún ni wọ́n fi ṣàdéhùn lórí Nàìjíríà ní 1914, pé ó ti ẹ̀spáyà ní 2014? Lójoojúmọ́ ni wọ́n ń sọ ọ́ nínú mọ́tò mi. (Awakọ̀, Ifẹ̀ sí Iléṣà)

ÈSÌ: Irọ́ ni jàre. Kò sí àdéhùn níbẹ̀ tí ẹni méjì jókòó sọ, Lọ́ńdọ̀nù ló pàṣẹ, owó sì ló fà á: owó tí Àríwá ń pa wọlé ò tó o ná, Gúúsù ń rí owó orí ọjà tó ń gba èbúté wọlé, reluwé méjèèjì náà sì ń bá ara wọn du oníbàárà. Àṣẹ yẹn náà ti kú tipẹ́, òfin òmìnira 1960 rọ́pò ẹ̀, lẹ́yìn ìyẹn òfin 1963 dé, 1979 dé, ká tó wá bọ́ sí 1999 tí a ń lò yìí. Ẹni tó bá tún sọ ọ́, ẹ ní kó fi ibi tí wọ́n kọ 100 ọdún sí hàn yín, kó tó bọ́ọ̀lẹ̀.

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ mi tó wà ní JSS 2 bi mí pé ṣé Benin tí Ọba Ẹdó wà náà ni Benin tí wọ́n ti ń kó mọ́tò àti ìrẹsì wá. Mo ní kó jẹ́ kí n tajà. Ẹ bá mi dá a lóhùn. (Ìyá Ìbejì, ọjà Àtàkúnmọ́sà, Iléṣà)

ÈSÌ: Ẹ kú ọjà o, Ìyá Ìbejì, ẹ óò tà á o. Ẹ sọ fún un pé ọ̀tọ̀ ni wọ́n. Benin ti Ọba Ẹdó wà ní Nàìjíríà níbí, òun làwọn òyìnbó lọ sun tí wọ́n sì kó ère ẹ̀ lọ ní 1897. Orílẹ̀-èdè tí Kútọnu wà yẹn, Dahomey ni wọ́n ń pè é títí di 30 oṣù kọkànlá 1975 tí Ààrẹ Kérékou yí i padà. Ìdí ni pé Dahomey orúkọ ìjọba àwọn Fọ̀n kan ṣoṣo ni, ti Abomey, àwọn ẹ̀yà tó kù níbẹ̀ sì pọ̀, wọ́n wá mú orúkọ tí wọ́n ń pe òkun tó wà níwájú wọn.

Inú ọmọ yẹn máa dùn sí èyí: àwọn èèyàn wa wà níbẹ̀ pọ̀. Kétu, Ṣábẹ̀ẹ́, Ìdáàṣà, Yorùbá ni wọ́n. Oṣù kẹjọ 1889 ni Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé jókòó tí wọ́n fa ìlà láàárín ara wọn, ẹni tó bọ́ sápá ọ̀tún ń kọ́ ABC, ẹni tó bọ́ sápá òsì ń sọ bonjour. Kétu yìí, àwọn ọmọ ogun Dahomey ti run ún ní 1886, ọdún yẹn kan náà tí wọ́n ń tọwọ́ bọ̀wé àdéhùn Kírìjí lọ́dọ̀ tiwa. Tẹ́ ẹ bá sì rí ìwé ìtàn Benin kékeré, ẹ wò ó bóyá ó sọ pé Dahomey ń san ìṣákọ́lẹ̀ fún Ọ̀yọ́ fún bí ọgọ́rùn-ún ọdún kí Ọba Ghezo tó já ara ẹ̀ gbà ní àwọn ọdún 1820. Àwọn kan máa ń rọra fò ó.

ÌBÉÈRÈ: Ọ̀rẹ́ mi kan ní Nàìjíríà kì í ṣe orílẹ̀-èdè, pé obìnrin òyìnbó kan ló sọ ọ́ lórúkọ, pé orílẹ̀-èdè gidi ni àwọn bíi Jámánì àti Ítálì tó ti wà láti ayébáyé. A jiyàn ẹ̀ títí ní Mayfair, wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ lé wa kúrò ní ṣọ́ọ̀bù. Ta ló jàre? (Ẹni tó fẹ́ borí, Ilé-Ifẹ̀)

ÈSÌ: Ọ̀rẹ́ ẹ jàre lórí obìnrin yẹn o, Flora Shaw ni, inú ìwé ìròyìn The Times ló kọ ọ́ sí ní oṣù kìíní 1897, ó wá fẹ́ Lugard ní 1902. Ibi tó ti ṣubú ni Jámánì. Ọjọ́ 18 oṣù kìíní 1871 ni Jámánì di orílẹ̀-èdè kan ṣoṣo, inú ààfin Versailles ní ilẹ̀ Faransé ni wọ́n sì ti kéde ẹ̀, lójú ogun. Ìbàdàn ti kó Iléṣà ná kí Jámánì tó dé! Ítálì, 1861, ọdún tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì gba Èkó lọ́wọ́ Ọba Dòsùnmú gan-an, Róòmù alára ò sì bọ́ sọ́wọ́ Ítálì àfi 1870. Belgium tó wá ń pàṣẹ fún Congo, 1830 ló dá dúró, ọmọ kékeré.

Ohun tó ń ṣi ọ̀rẹ́ ẹ lọ́nà ni pé àwọn ìwé ìtàn pẹlẹbẹ ilẹ̀ Yúróòpù mọ bí wọ́n ṣe ń bẹ̀rẹ̀. Ti Jámánì á bẹ̀rẹ̀ láti ìgbà àwọn ará Róòmù, á sọ nípa àwọn ẹ̀yà inú igbó, á sọ nípa Luther ní 1517, ojú ewé 120 ti kọjá kí 1871 tó dé, ìwọ tó ń kà á á wá rò pé ọjọ́ pẹ́ tí Jámánì ti wà. Kò sẹ́ni tó ní irọ́ ni wọ́n ń pa. Wọ́n kàn gbà pé ìtàn àwọn èèyàn kì í dúró de ọjọ́ tí wọ́n kọ orúkọ orílẹ̀-èdè síwèé. Tiwa la fi ń bẹ̀rẹ̀ ní 1914, àwa la ṣe ara wa.

Tó bá jẹ́ èmi, ti Poland ni n óò kọ́kọ́ fún un kà. Rọ́ṣíà, Prussia àti Austria pín in ní 1772, Rọ́ṣíà àti Prussia nìkan tún pín in ní 1793, àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pín èyí tó kù ní 1795, kò sí Poland lórí máàpù mọ́ fún ọdún 123, àwọn èèyàn ibẹ̀ ń sọ èdè wọn, wọ́n ń dìtẹ̀, wọ́n ń kú sí i, 1918 ló padà dé. Báwo lèèyàn ṣe fẹ́ kọ ìtàn orílẹ̀-èdè tí kò sí? Àwọn ìwé wọn ti rí i ṣe, ìtàn àwọn èèyàn ni wọ́n ń tẹ̀lé, kì í ṣe ti ìjọba.

Lẹ́yìn ẹ̀, Haiti. Àwọn ẹrú dìde ní oṣù kẹjọ 1791, wọ́n jà, wọ́n ṣẹ́gun ọmọ ogun Napoleon, wọ́n sì kéde òmìnira lọ́jọ́ kìíní oṣù kìíní 1804, ọdún kan náà tí jihad dan Fodio bẹ̀rẹ̀. Àwọn ọmọ Yorùbá wà lára àwọn tí wọ́n kó lọ síbẹ̀. Faransé wá ní àfi kí wọ́n san 150 mílíọ̀nù fránkì ní 1825 kí òun tó gbà pé wọ́n dòmìnira, ìyẹn ni pé kí ẹrú sanwó ara ẹ̀ fún olówó ẹ̀, wọ́n bá a gé e sí 90 mílíọ̀nù ní 1838, wọ́n yá owó láti san án, gbèsè yẹn ò kúrò lọ́rùn wọn títí wọ inú àwọn ọdún 1900. Ìwé ìtàn Haiti tó bá sọ pé òṣì ń jà wọ́n tí kò sọ gbèsè yìí, dá a padà fún ẹni tó tà á fún ẹ.

ÌBÉÈRÈ: Kumasi ni bàbá bàbá mi ti ṣòwò kí wọ́n tó lé wọn wálé ní 1969. Mo ra ìwé ìtàn Gánà kékeré kan, mo rí Nkrumah, mo rí 1957, mi ò rí àwa. Ṣé a ò ṣe pàtàkì ni? (Ọmọ onígánà, Iléṣà)

ÈSÌ: Ẹ ṣe pàtàkì o. Ẹ wo abẹ́ orúkọ Busia, olórí ìjọba Gánà nígbà yẹn, ibẹ̀ ló yẹ kó wà. Ọjọ́ 18 oṣù kọkànlá 1969 ni ìjọba ẹ̀ pàṣẹ pé àlejò tí kò bá ní ìwé ìgbélùú ní ọ̀sẹ̀ méjì láti gbà á tàbí kó kúrò. Iṣẹ́ ò sí nígbà yẹn, gbèsè pọ̀, àlejò tó ní ṣọ́ọ̀bù ló sì rọrùn láti nàka sí. Ìwé Gánà á fún un ní ìlà kan torí àwọn tó lọ ti lọ, ìwé Nàìjíríà ò ní sọ ọ́ rárá torí kì í ṣe ilẹ̀ wa ló ti ṣẹlẹ̀, ogun abẹ́lé tiwa náà ò sì tíì parí nígbà yẹn. Ẹni tó bá wà láàárín ibodè méjì, kò sí ìwé tó ń gbà á sílé. Àwa náà sì ṣe é padà ní oṣù kìíní 1983 nígbà Shagari, ẹ rántí báàgì yẹn tí wọ́n sọ ní Ghana-Must-Go.

Tí bàbá àgbà bá ṣì wà, ẹ gbé fóònù síwájú wọn, ẹ tẹ rẹ́kọ́ọ̀dù, ẹ bi wọ́n pé kí ni wọ́n ń tà, ta ni wọ́n fi ọjà sílẹ̀ fún, mọ́tò wo ló gbé wọn, kí ni wọ́n gbé bọ̀. Ẹ má bi wọ́n nípa Busia, wọ́n á kàn máa ṣépè.

ÌBÉÈRÈ: Mo máa ń ka ìwé ìtàn tán, lọ́sẹ̀ kejì gbogbo ọdún inú ẹ̀ ti fò lọ. WAEC ń bọ̀. Kí ni mo lè ṣe? (Ọmọ SS 3, Mọdákẹ́kẹ́)

ÈSÌ: Má há gbogbo ẹ̀ sórí, mú bíi mẹ́wàá. Fa ìlà sí àárín nótùbúùkù ẹ, kọ ohun tó ṣẹlẹ̀ níbí sápá kan, kọ ti ibòmíì sápá kejì, bí mo ṣe ń ṣe é látòkè wá yẹn: 1804 dan Fodio àti Haiti, 1861 Èkó àti Ítálì, 1886 Kírìjí àti Kétu. O lè fi 1896 sí i, ọdún tí Ẹtiópíà na Ítálì ní Adwa, ọdún kan péré kí wọ́n tó sun Benin. Èyí tó kù, fi kọ́ sára mẹ́wàá yẹn, ṣáájú ẹ̀ ni àbí lẹ́yìn ẹ̀. Òmìnira 1960 náà, má gbàgbé pé Ọbabìnrin Gẹ̀ẹ́sì ṣì ni olórí wa títí di ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá 1963 tí Azikiwe di ààrẹ, wọ́n máa ń fi ìyẹn mú èèyàn nínú objective. Tó o bá kọ ọ́ kún ojú ewé kan, yà á ní fọ́tò kó o fi ránṣẹ́, a óò wò ó fún ẹ.